2PC kì í ṣe kílò 46: èsì fún ìyá tó ń lọ wẹ ọmọ

Ìbéèrè: "Ẹ kú iṣẹ́ o. Ọmọ mi obìnrin bímọ sí Aberdeen, mo fẹ́ lọ bá wọn wẹ ọmọ. Wọ́n kọ 2PC sára tíkẹ́ẹ̀tì mi láti Èkó dé London. Ẹni tó bá mi gé e ní àpò méjì ni, kílò 23 ọ̀kọ̀ọ̀kan, àpapọ̀ rẹ̀ kílò 46. Mo ti di ẹrù mi. Àpò kan jẹ́ kílò 31, èkejì jẹ́ 14. Ìyẹn 45, kò tíì dé 46. Àmọ́ ọmọ àbúrò mi ní wọ́n máa gba owó lọ́wọ́ mi. Ṣé wọ́n fẹ́ rẹ́ mi jẹ ni? Bí ẹrù bá sì lé díẹ̀, èló ni wọ́n ń gba kílò kan? Ọmọkùnrin kan ní èèpọ́ọ̀tù sọ pé òun lè bá mi yanjú ẹ̀ bí mo bá fún òun ní nǹkan. Ọmọ mi ló fúnra ẹ̀ ra èyí tí mo máa wọ̀ láti London dé Aberdeen. Ìyá Bọ́lá, Ìdúmọ̀tà."

Ìdáhùn: Màmá, ẹ kú ewu ọmọ o. Olúwa á dá ọmọ náà sí, á fún ìyá rẹ̀ lókun.

Ọmọ àbúrò yín ló sọ òótọ́. Bí ẹ bá gbé àpò méjèèjì lọ bí wọ́n ṣe wà yẹn, wọ́n máa gba owó lọ́wọ́ yín, kò sì ní jẹ́ ìrẹ́jẹ. Ọdún 11 ni mo fi jókòó sídìí káńtà ní pápákọ̀ òfurufú Murtala Muhammed n'Íkẹjà kí n tó wá gbájú mọ́ iṣẹ́ tíkẹ́ẹ̀tì títà ní Sùúrùlérè. Ìṣirò tí ẹ ṣe yìí gan-an ni mo rí jù lọ tó ń mú kí àwọn ìyá jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀ èèpọ́ọ̀tù, kí wọ́n máa tú ẹrù. Lóṣù yìí nìkan, èèyàn mẹ́ta mìíràn ti bi mí ní ìbéèrè kan náà. Ẹni tó gé tíkẹ́ẹ̀tì fún yín ló yẹ kó là á yé yín, torí ó gba owó iṣẹ́ lórí ẹ̀. Dípò bẹ́ẹ̀, ó sọ fún yín pé "àpapọ̀ rẹ̀ kílò 46." Ọ̀rọ̀ yẹn ló ṣì yín lọ́nà, ó sì ń bí mi nínú.

Kò sí ohun tó ń jẹ́ àpapọ̀ nínú 2PC.

P àti C yẹn, ẹyọ ni wọ́n túmọ̀ sí. 2PC: ẹyọ àpò méjì. Kílò 23 wà fún ẹyọ kìíní, kílò 23 mìíràn wà fún ẹyọ kejì, àwọn méjèèjì ò sì bá ara wọn tan. Àyè tó bá ṣẹ́ kù nínú ọ̀kan, ẹ ò lè yá a fún èkejì. Ọlọ́jà ni yín, ẹ ó tètè mọ ohun tí mò ń sọ: kéréètì ẹyin kan gba 30, méjì gba 60. Ṣé torí pé méjèèjì gba 60, ẹ lè wá kó 40 sínú ọ̀kan, kí ẹ kó 20 sínú èkejì? Á fọ́ ni. Ojú kéréètì ni kí ẹ fi wo àpò yín.

Ohun tó máa ṣẹlẹ̀ rèé. Àpò àkọ́kọ́ yín á gorí òṣùwọ̀n, nọ́ńbà á yọ: 31. Ọmọ tó wà nídìí káńtà ò ní dúró wo èkejì kó tó sọ fún yín pé ó ti fi kílò 8 lé. Ẹ̀yin á máa sọ pé, "Wo èyí tó kù, ó fúyẹ́." Á gbé e gorí ẹ̀, ó jẹ́ 14, kò sóhun tó burú níbẹ̀, á so nọ́ńbà mọ́ ọn, á tì í lọ. Kílò 9 tí ẹ ní ẹ̀tọ́ sí nínú àpò kejì yẹn ti ṣòfò, ẹ ó sì tún sanwó lórí kílò 8 inú àpò kìíní.

Àwọn èèyàn máa ń bi mí pé kí ló kan bàlùú, ṣebí kílò 45 náà ni, ì báà wà nínú àpò kan tàbí nínú mẹ́wàá. Òótọ́ ni, kò kan bàlùú. Ẹ̀yìn ẹni tó ń gbé e ló kàn. Àwọn ọmọ tó ń kó ẹrù sínú ikùn bàlùú kékeré, orí ìkúnlẹ̀ ni wọ́n wà, torí àjà ibẹ̀ ò ga tó kí wọ́n nàró. Bí àpò kan ti ń kúrò lọ́wọ́ wọn ni òmíràn ń dé. Ìdí nìyẹn tí ọ̀pọ̀ ilé-iṣẹ́ ọkọ̀ òfurufú fi ní odiwọ̀n kejì lókè ti àkọ́kọ́: kílò 32. Ẹyọ tó bá kọjá 32, kódà bí ẹ bá kó owó sílẹ̀, wọn ò ní gbà á gẹ́gẹ́ bí ẹrù èrò. Wọ́n á ní kí ẹ pín in. 31 tí ẹ ní yẹn, kílò kan péré ló kù kó bọ́ sí "a ò gbà." Òṣùwọ̀n ilé yín sì lè fi kílò kan parọ́, mo ń bọ̀ lórí ìyẹn.

Mo mọ ibi tí àṣìṣe yìí ti ń wá, ìdí sì nìyẹn tí mi ò fi bá yín wí. Tíkẹ́ẹ̀tì irú méjì ló wà. Èyí tó bá kọ PC, ẹyọ ni. Èyí tó bá kọ K, bíi 30K tàbí 40K, kílò ni, wọ́n sì ń ro gbogbo ẹ̀ pọ̀ lóòótọ́. Bí aládùúgbò yín bá wọ ọkọ̀ òfurufú lọ sí Dubai pẹ̀lú tíkẹ́ẹ̀tì 40K, tó gbé àpò kílò 27 àti òmíràn tó jẹ́ 13, ẹnikẹ́ni ò ní bá a sọ nǹkan kan. Bó bá dé, á sọ ìrírí ara ẹ̀, kò sì purọ́. Àmọ́ K ti ẹ̀ kì í ṣe PC ti yín. Ohùn tí àwọn èèyàn ń fi ránṣẹ́ káàkiri lórí WhatsApp pé "ẹ má gbà fún wọn, kílò 46 lẹ san," ọ̀dọ̀ àwọn tó wọ ọkọ̀ oní-K ló ti ń wá. Wọ́n ń kó o bá àwọn tó fẹ́ wọ ọkọ̀ oní-PC. Àwọn ọkọ̀ tó ń fò láàárín Nàìjíríà náà, kílò ni púpọ̀ nínú wọn ń lò, torí náà ẹni tó máa ń lọ sí Àbújá lẹ́ẹ̀kọ̀ọ̀kan gbà pé bó ṣe rí níbi gbogbo nìyẹn.

Ẹ tú tíkẹ́ẹ̀tì yín sílẹ̀, ẹ má ka iye owó, ẹ má ka àsìkò, ẹ wá ibi tí wọ́n kọ "baggage" tàbí "allowance" sí. Bí ẹ bá rí 2PC, ẹ mọ̀. Bí ẹ bá rí 1PC, 30K, 23K, ẹ mọ̀. Bí ẹ bá rí 0PC tàbí NIL, ẹni tó ta tíkẹ́ẹ̀tì olówó pọ́ọ́kú yẹn fún yín ò ra àpò kankan mọ́ ọn, ẹ tètè pè é.

Nísinsìnyí, ẹ bi mí pé èló ni wọ́n ń gba kílò kan. Lórí tíkẹ́ẹ̀tì PC, kò sí "èló ni kílò kan." Owó tí wọ́n ń gbà lórí àpò tó wúwo ju 23 lọ, owó kan lápapọ̀ ni, kì í ṣe ti kílò kọ̀ọ̀kan. Lọ́dọ̀ ọ̀pọ̀ ilé-iṣẹ́, iye kan ni fún gbogbo ohun tó bá wà láàárín 23 sí 32. Ẹni tó fi kílò kan lé àti ẹni tó fi kílò 9 lé, iye kan náà ni wọ́n ń san. Ìdí nìyẹn tí ẹni tó bá gbé kílò 24 fi máa ń gbà pé wọ́n ja òun lólè. Bí òfin ẹ̀ ṣe rí nìyẹn.

Yàtọ̀ sí owó ìwúwo, owó ẹyọ wà: àpò kẹta, níbi tí ẹ ní méjì. Yàtọ̀ sí ìyẹn, owó ìtóbi wà. Ọ̀pọ̀ ilé-iṣẹ́ sọ pé gígùn àpò, ìbú rẹ̀ àti gíga rẹ̀, bí ẹ bá ro mẹ́tẹ̀ẹ̀ta pọ̀, kò gbọ́dọ̀ ju sẹ̀ǹtímítà 158 lọ. Téèpù télọ̀ ni kí ẹ fi wọ̀n ọ́n, àti táyà àti ọwọ́ tí wọ́n fi ń fà á ni kí ẹ kà. Owó mẹ́tẹ̀ẹ̀ta yìí, wọ́n máa ń gun ara wọn lórí. Àpò kẹta tó tún wúwo jù, owó méjì ló ń jẹ́.

Ẹ jẹ́ ká ṣe ìṣirò kan. Mo fẹ́ kí ẹ gbọ́ mi dáadáa: nọ́ńbà tí mo fẹ́ lò yìí, mo kàn fi ṣàpẹẹrẹ ni, kì í ṣe iye ilé-iṣẹ́ kankan. Olúkúlùkù ló ní tirẹ̀, ó ń yàtọ̀ láti ọ̀nà dé ọ̀nà, wọ́n sì ń yí i padà. Ẹ má mú nọ́ńbà mi lọ bá wọn jà ní káńtà. Ká ní owó ìwúwo jẹ́ dọ́là 100, owó àpò kẹta jẹ́ dọ́là 150.

Ẹ̀yin: 31 àti 14. Dọ́là 100. Ẹ yọ kílò 8 nínú ti àkọ́kọ́, ẹ kó o sínú ti kejì: 23 àti 22. Òfo. Màmá, ẹ ò ní láti fi nǹkan kan sílẹ̀ nílé. Ẹrù yín ò pọ̀ jù rárá, bí ẹ ṣe pín in ni kò dáa.

Ẹlòmíràn: ó ní 23, ó ní 23, kílò 12 ṣì kù nílẹ̀. Ohun tí ọ̀pọ̀ á ṣe ni kí wọ́n pín 12 yẹn sí méjì, 6 síbí, 6 sọ́hùn-ún, kí ó di 29 àti 29. Owó ìwúwo lẹ́ẹ̀mejì nìyẹn: dọ́là 200. Ká ní ó kó 12 yẹn sínú àpò kẹta ni, dọ́là 150. Ká ní ó kó 9 sínú àpò kan ṣoṣo kó di 32, kó fi 3 tó kù sínú àpò tó máa fọwọ́ gbé wọlé, dọ́là 100 ni. Ẹrù kan náà, iye owó mẹ́ta. Bí ẹ bá mọ̀ pé ẹ gbọ́dọ̀ sanwó ìwúwo, ẹ jẹ́ kí àpò kan ṣoṣo jẹ gbogbo ẹ̀, kí ẹ má sì jẹ́ kó kan 32 gan-an, torí òṣùwọ̀n wọn àti ti yín kì í ṣe ìbejì.

Ẹni tó ní tíkẹ́ẹ̀tì K nìkan ló lè ṣírò kílò lọ́kọ̀ọ̀kan. Iye kílò tó lé, ẹ sọ ọ́ di púpọ̀ pẹ̀lú owó kílò kan. Kò sí jù bẹ́ẹ̀ lọ.

Bí ẹ bá mọ̀ láti ilé pé ẹrù máa lé, ẹ ra àyè rẹ̀ ṣáájú lórí íntánẹ́ẹ̀tì ilé-iṣẹ́ náà fúnra ẹ̀. Lọ́pọ̀ ìgbà, ó dín ju ohun tí wọ́n máa gbà ní káńtà lọ. Ẹ má dúró dé ọjọ́ ìrìnàjò, torí ó ní wákàtí tí wọ́n máa ti ọ̀nà yẹn. Bó bá sì di káńtà, ẹ gba rìsíìtì. Owó àpọ̀jù ẹrù kì í lọ láìsí ìwé.

Ọ̀rọ̀ òṣùwọ̀n wá kàn. Ẹ ò sọ fún mi bí ẹ ṣe mọ̀ pé 31 ni, mo sì bẹ̀rù pé òṣùwọ̀n ẹlẹ́ja ni. Òṣùwọ̀n ọjà tí wọ́n ti ń ju páálí ẹja yìnyín lù láti àárọ̀ dalẹ́, kì í dúró sójú kan. Ẹ má sì fi kóńgò ṣírò kílò láé. Kóńgò ń wọn àyè, kì í wọn ìwúwo. Kóńgò gààrí Ìjẹ̀bú àti kóńgò ẹ̀lùbọ́ ò wúwo bákan náà. Ẹni tó bá fọwọ́ tẹ ẹ̀lùbọ́ wọlé kó tó kó òkìtì lé e lórí, ohun tó fún yín yàtọ̀ sí ti ẹni tó kàn dà á. Kóńgò ọjà kan sì tún yàtọ̀ sí ti ọjà kejì. Mo ti rí ìyá kan tó kọ ọ́ sínú ìwé pé "kóńgò mẹ́wàá, kílò mẹ́wàá." Kò dà bẹ́ẹ̀.

Ẹ ra òṣùwọ̀n kékeré tí wọ́n fi ń kọ́ àpò, èyí tó ní ìkọ́ lábẹ́, kò wọ́n. Ẹ wò ó dáadáa pé kílò ló wà lórí ẹ̀, kì í ṣe pọ́ùn, torí pọ́ùn 50 kò ju kílò 23 lọ, àwọn kan sì ti dín ẹrù wọn kù di ìdajì nítorí àṣìṣe yẹn. Kí ẹ tó gbà á gbọ́, ẹ fi àpò sẹ̀mó kílò 10 tí ẹnikẹ́ni ò tíì tú dán an wò. Ẹ fi okùn so ó, ẹ gbé e kọ́. Bó bá sọ 10 tàbí ohun tó sún mọ́ ọn gan-an, ó dáa. Bó bá sọ 9, irọ́ ló ń pa, ẹ sì ti mọ iye tó ń pa. Bí ẹ ò bá ní in, òṣùwọ̀n tí èèyàn ń gùn náà ṣeé lò: kí ọmọkùnrin kan gùn ún lófìfo, kó gbé àpò kó tún un gùn, ẹ yọ ti àkọ́kọ́ kúrò nínú ti kejì. Ẹ dín àpò kọ̀ọ̀kan kù sí 22, ẹ má bá 23 gan-an jà. Inú yín á balẹ̀.

Ẹ sì wọn àpótí náà lófìfo. Àpótí ńlá líle tí táyà wà nídìí rẹ̀ lè jẹ́ kílò 4 sí 5 kí ẹ tó fi ìró kan sínú ẹ̀. Ghana-must-go fúyẹ́ ju bẹ́ẹ̀ lọ fíìfíì, àmọ́ ó ń ya, àwọn ilé-iṣẹ́ kan sì wà tí kì í gbà á bó ṣe wà. Ẹ béèrè lọ́wọ́ tiyín kí ẹ tó kó ẹrù sínú ẹ̀.

Mo fẹ́ sọ ìdí tí mo fi ń tẹnu mọ́ ọn. Nígbà tí mo ṣì wà nídìí káńtà, màmá kan dé, ọjọ́ orí yín náà ló máa jẹ́, ìró àti bùbá àńkárá, gèlè rẹ̀ ṣì dúró ṣinṣin. Àpò kan jẹ́ 29, èkejì jẹ́ 15. Mo sọ iye tó máa san fún un. Kò ní in lọ́wọ́, àwọn tó sìn ín wá sì ti padà. Ó ní kí n jọ̀ọ́, òun á pín in. Èrò pọ̀ lẹ́yìn ẹ̀, wọ́n ń kùn. Ó kúnlẹ̀ sílẹ̀ẹ́lẹ̀, ó fa síìpù, ẹ̀gúsí tó ti lọ̀ tó fi ọ̀rá wé bẹ́ sílẹ̀, ó tú yíká ẹsẹ̀ àwọn èèyàn. Ó ń fi ọwọ́ kó o. Aṣọ ọmọ tuntun tó ti ṣẹ́ síra wà nísàlẹ̀, funfun báláú, ẹ̀gúsí ti rá mọ́ ọn. Ẹnì kan nínú èrò ní kí ó tètè kúrò lọ́nà. Mi ò lè kúrò nídìí káńtà lọ ràn án lọ́wọ́, ọ̀gá mi ń wò mí. Bó ṣe parí ẹ̀, àpò méjèèjì wá di 22 àti 22, kò san kọ́bọ̀. Nǹkan tó lè ṣe lórí bẹ́ẹ̀dì rẹ̀ nílé lálẹ́ ọjọ́ tó ṣáájú, láàárín ìṣẹ́jú mẹ́ẹ̀ẹ́dógún. Títí dòní, bí mo bá rí aṣọ ọmọ funfun, màmá yẹn ni mo máa ń rántí.

Ó ku ohun kan tí ẹ dárúkọ lẹ́yìn lẹ́yìn bíi pé kò já mọ́ nǹkan, òun gan-an ló sì ń já mi láyà: tíkẹ́ẹ̀tì London sí Aberdeen tí ọmọ yín rà lọ́tọ̀. Tíkẹ́ẹ̀tì ọ̀tọ̀ ni, ilé-iṣẹ́ ọ̀tọ̀ ni, òfin ọ̀tọ̀ ni. Ẹ máa gba ẹrù yín ní London, ẹ ó gbé e kọjá lọ́dọ̀ àwọn kọ́sítọ́ọ̀mù wọn, ẹ ó tún lọ tò ní káńtà mìíràn. Àwọn yẹn ò mọ̀ pé ẹ ní 2PC láti Èkó, kò sì kàn wọ́n. Bí ohun tí ọmọ yín rà bá jẹ́ àpò kan kílò 20, ẹ ti jẹ gbèsè àpò odindi kan àti kílò mélòó kan sí i, ní pọ́n-ùn, níbi tí ẹ ò ti mọ ẹnikẹ́ni. Ẹ pe ọmọ náà lónìí. Kó wọ orí ìwé tíkẹ́ẹ̀tì yẹn, kó ra àpò kejì mọ́ ọn nísinsìnyí tí àyè ṣì wà. Bí kò bá ṣeé ṣe, kí ọkọ ẹ̀ wá pàdé yín ní London kí ẹ jọ wọ rélùwéè, torí rélùwéè ibẹ̀ kì í gbé ẹrù èèyàn gorí òṣùwọ̀n.

Ká ní tíkẹ́ẹ̀tì kan ṣoṣo ló gbé yín láti Èkó dé Aberdeen ni, ẹrù lè lọ tààrà, òfin kan ló sì sábà máa ń bá a lọ, àmọ́ ẹ ṣì máa ka ìlà ọkọ̀ kọ̀ọ̀kan. Fún àwọn tó ń lọ sí Amẹ́ríkà, ìjọba ibẹ̀ ti fi í sófin pé bí tíkẹ́ẹ̀tì bá jẹ́ ẹyọ kan, odiwọ̀n ẹrù àti owó rẹ̀ ò gbọ́dọ̀ yí padà láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin. Ẹni tó bá ra tíkẹ́ẹ̀tì ní méjì méjì kò sí lábẹ́ ààbò yẹn.

Ọmọkùnrin tó ní òun á bá yín yanjú ẹ̀. Màmá, ẹ jọ̀ọ́, rárá. Ọ̀nà méjì ni àwọn yẹn ń gbà. Ọ̀kan: á gbowó lọ́wọ́ yín níta, ẹ ò ní rí i mọ́, ẹ ó sì tún san èyí tó yẹ kí ẹ san. Ìkejì ló burú jù: á ní kí èrò mìíràn tí ẹrù ẹ̀ ò pọ̀ bá yín gbé àpò kan, tàbí kí ẹ̀yin bá ẹlòmíràn gbé tirẹ̀, torí àyè ṣì wà nínú ti yín. Nọ́ńbà tí wọ́n bá so mọ́ àpò, orúkọ ẹni tó jáde nínú kọ̀ǹpútà ló ni í. Ní oṣù Kejìlá ọdún 2018, wọ́n mú ọmọbìnrin akẹ́kọ̀ọ́ kan tó wọkọ̀ láti Kánò ní Saudi Arabia, torí àpò kan tí wọ́n so mọ́ orúkọ ẹ̀, tí oògùn tramadol wà nínú ẹ̀. Kò mọ àpò náà rí. Àwọn kan ní pápákọ̀ ló fi orúkọ ẹ̀ sí i. Òpin oṣù Kẹrin ọdún 2019 ni wọ́n tó tú u sílẹ̀, lẹ́yìn tí ìjọba Nàìjíríà bá wọn dá sí i, tí àwọn èèyàn pariwo. Òun gan-an ò sì gbà láti bá ẹnikẹ́ni gbé ẹrù. Ẹ̀yin tí ẹ bá wá fọwọ́ ara yín gbà á, kí lẹ fẹ́ sọ? Ẹ ka nọ́ńbà tí wọ́n lẹ̀ mọ́ ẹ̀yìn bọ́ọ̀dìn pásì yín kí ẹ tó kúrò ní káńtà. Àpò méjì, nọ́ńbà méjì. Bó bá jẹ́ mẹ́ta, ẹ pariwo.

Nípa ohun tó wà nínú ẹrù, ẹ ò sọ, àmọ́ mo mọ ẹrù ìwẹ̀ ọmọ. Bí pọ̀nmọ́ bá wà níbẹ̀, tàbí súyà, tàbí kílíṣí, ẹ yọ ọ́. Ìlú Ọba ò gba ẹran àti ohun tí wọ́n fi wàrà ṣe wọlé láti ọ̀dọ̀ wa, wọ́n á gbà á lọ́wọ́ yín, ẹ ó ti sanwó kílò rẹ̀ lófo. Àwọn òfin yìí máa ń yí padà, kí ọmọ yín yẹ̀ ẹ́ wò lórí íntánẹ́ẹ̀tì ìjọba wọn kí ẹ tó dì. Kẹ́ẹ̀gì epo pupa lítà márùn-ún tó kílò mẹ́rin ààbọ̀, ẹ má ṣe gbé méjì. Ẹ má gbé sẹ̀mó rárá, ó wà níbẹ̀. Kànìnkànìn fúyẹ́, ẹ kó o dáadáa. Òrí, àdí àti ọṣẹ dúdú, inú àpò ńlá ni kí ẹ fi wọ́n sí, kì í ṣe èyí tí ẹ máa fọwọ́ gbé, torí wọ́n ń ka gbogbo ohun tó rọ̀ mọ́ ohun olómi, ohun tó bá ju mílílítà 100 lọ kì í wọlé. Bánkì iná fóònù (power bank), tọwọ́ ni kí ẹ fi gbé e, kò gbọ́dọ̀ sí nínú àpò ńlá. Góòlù àti oògùn ẹ̀jẹ̀ ríru yín náà, tọwọ́ ni. Àpò àfọwọ́gbé náà ní kílò tirẹ̀, ó ń yàtọ̀ láti ilé-iṣẹ́ dé ilé-iṣẹ́, ẹ kà á lára tíkẹ́ẹ̀tì kí ẹ tó kó ìwé àti páànù sínú ẹ̀.

Ẹ má tíì wé àpò ní ráápù kí ẹ tó dé pápákọ̀, àwọn aṣọ́bodè àti NDLEA, àjọ tó ń gbógun ti oògùn olóró, lè ní kí ẹ tú u. Láti Ìdúmọ̀tà gba orí afárá Third Mainland, ẹ kúrò nílé ní wákàtí mẹ́fà ṣáájú àsìkò bàlùú, pàápàá bó bá bọ́ sí ọjọ́ Ẹtì.

Bí ẹ bá ráyè wá sí Sùúrùlérè lọ́jọ́bọ̀, ẹ gbé àpò méjèèjì wá, òṣùwọ̀n wa wà níwájú ṣọ́ọ̀bù, a kì í gbowó lórí ẹ̀. Ẹ mú ìwé tíkẹ́ẹ̀tì Aberdeen yẹn dání. Òun ni mo kọ́kọ́ fẹ́ rí.